Kúlásì ìbọn tó ń le láàárọ̀ ọyẹ́

Iṣẹ́ tèmi ni kí n máa tún maṣíìnì ìránṣọ ṣe ní Ṣábẹ níbí, ṣùgbọ́n ẹni tó bá ti ní sukudiráfà wẹ́wẹ́ àti epo maṣíìnì, gbogbo irin tó bá ya olóríkunkun ni wọ́n ń gbé wá bá a. Bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀gbọ́n bàbá mi, tó jẹ́ ọdẹ, ṣe gbé ìbọn rẹ̀ wá lásìkò ọyẹ́. Kì í ṣe ṣakabùlà o. Mauser ni, irú èyí tí àwọn ológun Jámánì bẹ̀rẹ̀ sí í lò ní 1898, tí wọ́n sì ń pè ní 98. Àwọn tó ń ṣe ìbọn ọdẹ ò yé fara wé e láti ìgbà náà. Ìwé àṣẹ rẹ̀ wà lọ́wọ́ Bàbá.

Ẹjọ́ tó gbé wá ni pé kúlásì rẹ̀ le. Kúlásì ni irin róbótó ọlọ́wọ́ tó ń sé ìdí ọta mọ́lé: ẹ ó gbé ọwọ́ rẹ̀ sókè, ẹ ó fà á sẹ́yìn, ẹ ó tì í síwájú, ẹ ó sì tẹ ọwọ́ náà wálẹ̀. Bàbá ní ó ti dé ibi tí òun ń fi àtẹ́lẹwọ́ gbá a kó tó ṣí, ẹran a sì ti gbọ́.

"Ó ti dógùn-ún nínú ni. Bá mi fi sáńpépà ha á."

Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá, ẹ má jẹ̀ẹ́ ká ha nǹkan kan títí a ó fi mọ ibi tó ti ń le."

Torí pé kí èèyàn sọ pé kúlásì le, kò tíì sọ nǹkan kan. Bó bá jẹ́ nígbà tí ẹ bá ń gbé ọwọ́ rẹ̀ sókè ni, ọ̀tọ̀ ni ohun tí ẹ ó wá. Bó bá jẹ́ nígbà tí ẹ bá ń fà á sẹ́yìn, ẹ wo ojú ọ̀nà tó ń gbà kọjá, bóyá ìpáta tàbí eruku ló wà níbẹ̀. Bó bá wá jẹ́ pé ẹ̀yìn tí ẹ bá yìn ín tán nìkan ló ń le, tó sì ń lọ wẹ́rẹ́ nígbà tí kò sí ọta nínú rẹ̀, ẹ fura sí ilé ọta, ìyẹn ihò tí ọta ń jókòó sí kó tó yìn, pé ó dọ̀tí, tàbí ọta tí agbára rẹ̀ ti pọ̀ jù. Ìyẹn kì í ṣe iṣẹ́ alátùn-ún-ṣe maṣíìnì. Ẹ má yìn ín mọ́, ẹ gbé e lọ fún ẹni tó mọ ìbọn dájú.

Mo kọjú ẹnu ìbọn sí ara òkúta ẹ̀yìnkùlé, mo kó ọta kúrò nínú rẹ̀, mo wo ilé ọta, mo sì tún ti ìka kékeré bọ ibẹ̀ kí n tó gbà pé kò sí nǹkan. Ìgbà yẹn ni mo wá bi Bàbá pé ìgbà wo ló ń le jù.

"Kùtùkùtù. Tí oòrùn bá ti mú, a máa rọ̀ díẹ̀."

Ìdáhùn yìí wú mi lórí gan-an. Ìpáta kò mọ àárọ̀ yàtọ̀ sí ọ̀sán.

Ahọ́n irin kékeré kan wà lẹ́yìn kúlásì Mauser 98 tó ń dá ìbọn dúró. Bó bá dùbúlẹ̀ sọ́wọ́ òsì, ìbọn lè yìn. Bó bá dùbúlẹ̀ sọ́wọ́ ọ̀tún, ohun gbogbo ti tì pa. Bó bá nàró sáàárín, ìbọn kò lè yìn, ṣùgbọ́n kúlásì ṣeé ṣí. Àárín yìí ló wúlò fún àyẹ̀wò, torí ahọ́n náà ti gbá sípíríǹgì tó ń ti abẹ́rẹ́ ìbọn, irin ṣóńṣó tó ń gún ìdí ọta, mú sẹ́yìn, ọwọ́ yín kò sì ní ẹrù sípíríǹgì láti gbé. Mo fi í sáàárín: kúlásì ṣí wẹ́rẹ́. Mo dá a padà sí òsì, mo jẹ́ kí abẹ́rẹ́ já wálẹ̀ lófìfo, mo tún gbé ọwọ́ rẹ̀ sókè: ó le koko. Ó ti hàn nígbà náà pé ìjà náà kò sí lójú ọ̀nà kúlásì rárá, ọ̀dọ̀ abẹ́rẹ́ àti sípíríǹgì ló wà.

Bó ṣe rí nìyí. Wọ́n gé ẹ̀yìn kúlásì ní gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́. Imú irin tó so mọ́ ìdí abẹ́rẹ́ ló jókòó sínú gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ náà. Bí ẹ ṣe ń gbé ọwọ́ kúlásì sókè ni imú yìí ń gùn ún, tó ń fa abẹ́rẹ́ sẹ́yìn, tó sì ń fún sípíríǹgì pọ̀. Ohunkóhun tó bá di abẹ́rẹ́ lọ́wọ́ nínú ihò rẹ̀, ọwọ́ yín ni yóò san án.

Mo gbé ahọ́n náà nàró, mo fa irin tó ń dá kúlásì dúró lápá òsì ìbọn síta, mo sì yọ kúlásì odindi. Kókó kékeré kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìdí rẹ̀. Mo tẹ̀ ẹ́ wọlé, mo ń yí ìdí náà sọ́wọ́ òsì títí abẹ́rẹ́ àti sípíríǹgì fi jáde pa pọ̀. Mo ti ara kúlásì tó ṣófo padà sínú ìbọn, mo gbé e sókè, mo tẹ̀ ẹ́ wálẹ̀. Kò há níbì kankan.

Ẹ má fojú kékeré wo sípíríǹgì yẹn o. Mo gbé orí abẹ́rẹ́ lé pákó líle, mo da àkísà bò ó, mo fi ọwọ́ méjèèjì tẹ ìdí rẹ̀ mọ́lẹ̀, Bàbá sì bá mi yí irin onímú náà ní ìdámẹ́rin àyíká kó tó bọ́. Kí ojú yín má wà lókè rẹ̀ nígbà náà.

Ohun tó wà láàárín òrùka sípíríǹgì kì í ṣe ìpáta. Ó pọ́n rẹ́súrẹ́sú, ó dì bí ọ̀rá ẹran inú ọbẹ̀ àná, ó sì kún fún eruku. Mo fi èékánná ha díẹ̀, mo gbọ́ òórùn rẹ̀: epo pupa! Mo na ọwọ́ sí Bàbá, òun náà gbóòórùn rẹ̀, ó rẹ́rìn-ín. Gbogbo ìgbà tó bá ti bọ Ògún ló ń ta epo sórí ìbọn, ọdún sì ti gorí ọdún. Epo ń ṣàn gba ẹ̀yìn kúlásì wọlé, kò sì rí ọ̀nà jáde. Epo pupa kì í yọ́ tán àfi bí ara rẹ̀ bá gbóná tó nǹkan bí ìwọ̀n 35. Kí ọyẹ́ àárọ̀ tó wá fẹ́ sí i, ó ti dì mọ́ sípíríǹgì. Eruku ọyẹ́ náà kò sì gbẹ́yìn, ẹ kúkú mọ bó ṣe máa ń bo àpáta wa wọ̀nyí títí a ò fi rí wọn láti ojú irin.

Fífọ̀ kò ní ọgbọ́n kan nínú. Kẹrosíìnì nínú abọ́, búrọ́ọ̀ṣì ìfọyín, àkísà tí mo wé mọ́ ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ tí mo fi ń nu inú kúlásì títí àkísà fi ń jáde ní funfun. Mo nu gbogbo rẹ̀ gbẹ.

Mo wá fi gíláàsì àtùpà gba èéfín dúdú, mo fi ìka pa á sí gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ náà, mo to kúlásì, mo ṣí i, mo sì tún tú u wò. Ibi tí irin bá ti ń ha irin, dúdú á ti nù kúrò. Etí imú náà ní irun irin kan tó yọ síta, kò tó orí abẹ́rẹ́ ìránṣọ. Òkúta dídán tí a fi ń pọ́n abẹ ni mo rọra fi gba irun yẹn nìkan kúrò. Bàbá tún ní kí n kúkú dán etí méjì tó wà níwájú kúlásì. Mo kọ̀. Etí wọ̀nyẹn ló ń di kúlásì mú nígbà tí ìbọn bá yìn, ẹni tó bá sì ń yún wọn ń fi àlàfo sílẹ̀ lẹ́yìn ọta. Irin tí mo bá yún kúrò níbẹ̀, n kò lè dá a padà.

Epo maṣíìnì ni mo lò, ìwọ̀nba díẹ̀ lára abẹ́rẹ́ àti sípíríǹgì. Gíríìsì tó tó orí ẹ̀ṣẹ́ná lọ sí gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ àti ẹ̀yìn etí méjèèjì. Ilé ọta ní tirẹ̀, mo nù ún gbẹ fúrúfúrú, torí epo níbẹ̀ kì í jẹ́ kí ọta di ara ògiri mú, gbogbo agbára á sì kọjú sí kúlásì. Nígbà tí ẹ bá ń tò ó padà, kí ahọ́n wà ní ìnàró. Bí imú bá já sínú gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ nígbà tí kúlásì wà níta, kò ní wọlé. Ẹ yí ìdí rẹ̀ padà kí imú náà tún gun òkè.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, kí oòrùn tó yọ, Bàbá fi ìka méjì ṣí i. Nípa ti Ògún, a fẹnu kò pé irin ojúbọ ni kó máa ta epo sí, kí ó sì fi díẹ̀ kan ìdí ìbọn níbi tó jẹ́ igi.

Ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan gbọ́, ó gbé tirẹ̀ wá: Lee-Enfield, ìbọn àwọn Gẹ̀ẹ́sì. Ó ní tòun máa ń le tí òun bá ń tì í síwájú. Mo tú u, mo nù ún, kò sí ẹ̀gbin kankan níbẹ̀. Mo ṣàlàyé pé irú yẹn, títì síwájú ló fi ń fún sípíríǹgì rẹ̀ pọ̀, bí wọ́n ṣe ṣe é nìyẹn. Kò gbà mí gbọ́. Ó ní mo gba iṣẹ́ Bàbá torí pé ẹbí ni, ó sì gbé ìbọn rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ alágbẹ̀dẹ.