Bí Mo Ṣe Dá Brace Padà Sídìí Ìbọn Ìléwọ́ Mi ní Texas

Owó tí mo ti ná lórí ìbọn ìléwọ́ kan ṣoṣo láti ọdún 2023 ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tó iye tí mo fi rà á, ohun tó sì ń dùn mí jù ni pé bí ìbọn náà ṣe rí lọ́jọ́ tí mo rà á náà ló ṣe rí lónìí. Houston ni mò ń gbé. Irú ìbọn tí wọ́n ń pè ní AR ni, ọ̀pá rẹ̀ gùn ní ínṣì 10.5, brace sì wà lẹ́yìn rẹ̀, ìyẹn ìdè oníke tí èèyàn máa ń fi okùn dì mọ́ apá kí ìwúwo ìbọn má baà wà lórí ọrùn ọwọ́ nìkan. Mo ti fara pa ní ọrùn ọwọ́ ọ̀tún lẹ́nu iṣẹ́, nítorí náà brace kì í ṣe ọ̀ṣọ́ lọ́dọ̀ mi. Nítorí ọmọ ogun àtijọ́ kan tó jẹ́ aláàbọ̀ ara ni wọ́n ṣe kọ́kọ́ ṣe é, ATF, ìyẹn àjọ ìjọba àpapọ̀ Amẹ́ríkà tó ń bójú tó òfin ìbọn, sì sọ ní ọdún 2012 pé kò sọ ìbọn ìléwọ́ di ìbọn gígùn.

Òfin ọdún 1934 ló wà nídìí ọ̀rọ̀ yìí. Ìbọn gígùn tí wọ́n ṣe láti máa gbé lé èjìká, tí ọ̀pá rẹ̀ kò tó ínṣì 16, gbọ́dọ̀ ní ìforúkọsílẹ̀ lọ́dọ̀ ìjọba àpapọ̀; ẹni tí kò bá forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ lè fi ẹ̀wọ̀n tó tó ọdún 10 jura. Ní oṣù Kìíní ọdún 2023, ATF gbé ìlànà tuntun jáde tó sọ ọ̀pọ̀ ìbọn ìléwọ́ tó ní brace di irú ìbọn bẹ́ẹ̀, wọ́n sì fún wa di ọjọ́ 31 oṣù Karùn-ún láti forúkọ sílẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́, láti yọ brace, láti fi ọ̀pá ínṣì 16 sí i, tàbí láti fi ìbọn náà sílẹ̀. Mo ra ọ̀pá gígùn, mo sì ní kí wọ́n fi ìdí ìbọn gidi, ìyẹn èyí tí èèyàn ń gbé lé èjìká, sí i. Bàbá ọmọ ni mí, mi ò sì kábàámọ̀ pé mo pa òfin mọ́. Àmọ́ ní oṣù Kẹfà ọdún 2024, Adájọ́ Reed O'Connor ní Fort Worth wọ́gi lé ìlànà náà.

Ibi tí mo rò pé iṣẹ́ ti parí ni wàhálà ti bẹ̀rẹ̀. Mo gbé ìbọn náà lọ sí ṣọ́ọ̀bù alátùn-únṣe kan pé kí wọ́n dá a padà sí bó ṣe wà. Onítọ̀hún gbà á lọ́wọ́ mi, ó gbé e sí àjà, lẹ́yìn náà ló wá pè mí pé òun ò ní fọwọ́ kàn án: ìbọn tó bá ti di ìbọn gígùn lẹ́ẹ̀kan, ìbọn gígùn ni títí láé. Òótọ́ ni fún ìbọn tí wọ́n ṣe ní gígùn láti ìbẹ̀rẹ̀. Ìbọn ìléwọ́ ni wọ́n fi ṣe tèmi, ìpinnu ATF tí nọ́ńbà rẹ̀ jẹ́ 2011-4, tó tẹ̀ lé ẹjọ́ Thompson/Center tí ilé ẹjọ́ gíga jù lọ dá ní ọdún 1992, sì là á mọ́lẹ̀ pé irú rẹ̀ lè di gígùn, kó sì tún padà di ìléwọ́.

Mo tẹ ìpinnu náà jáde, mo sì gbé e síwájú rẹ̀. Ó ní kí n mú ẹ̀rí wá pé ìbọn ìléwọ́ ni mo rà. Rísíìtì mi kò kọ ju orúkọ ilé iṣẹ́ àti nọ́ńbà ara ìbọn lọ. Mo padà sọ́dọ̀ ẹni tó tà á fún mi, nítorí pé fọ́ọ̀mù 4473 tí a jọ fọwọ́ sí máa ń sọ irú ìbọn tó jẹ́, ọ̀dọ̀ ẹni tó tà á ló sì ń wà. Lónìí, ẹni tó ń tọ́jú ìwé kò sí nílé. Lọ́la, fáìlì ti lọ sí yàrá mìíràn. Gbogbo àkókò yìí ni alátùn-únṣe ń ka owó ìpamọ́ sí mi lọ́rùn! Nígbà tí ẹ̀dà fọ́ọ̀mù náà jáde níkẹyìn, "pistol", ìyẹn ìbọn ìléwọ́, ló wà lórí rẹ̀ gbàǹgbà. Ọkùnrin náà kà á, ó gbà pé mo jàre, ó sì tún bu owó iṣẹ́ tí mi ò lè san. Mo san owó ìpamọ́, mo gbé ìbọn mi, mo sì ṣe é fúnra mi nílé.

Iṣẹ́ náà kò le. Bí wọ́n ṣe tẹ̀ léra ló ṣe pàtàkì. Ìdí ìbọn ni mo kọ́kọ́ yọ, lẹ́yìn náà ọ̀pá gígùn, mo wá fi páìpù ìléwọ́, ìyẹn èyí tí brace máa ń wà lórí rẹ̀, àti brace fúnra rẹ̀ sí i, ọ̀pá kúkúrú ló sì gbẹ̀yìn. Ọ̀pá kúkúrú àti ìdí ìbọn kò gbọ́dọ̀ pàdé lára ìbọn kan náà, ì báà jẹ́ fún ìṣẹ́jú kan, láìsí ìforúkọsílẹ̀. Bí ẹ bá ń tú páìpù, ẹ fi àtàǹpàkò tẹ irin pẹlẹbẹ tó wà láàárín rẹ̀ àti ara ìbọn, nítorí sípíríǹgì tín-ínrín kan wà níbẹ̀ tó máa ń ta jáde. Mo di í mú, kò bọ́. Inú mi dùn gan-an nígbà tí mo di okùn brace mọ́ apá mi, tí ìbọn náà dúró láìmì.

Ẹni tó bá fẹ́ ra irú rẹ̀ lónìí, kó gba ẹ̀dà ìwé tó sọ pé ìbọn ìléwọ́ ni kó tó kúrò ní ṣọ́ọ̀bù, kó sì ya fọ́tò rẹ̀ pẹ̀lú nọ́ńbà ara rẹ̀. Má fi ìmúlọ́wọ́ tó dúró ṣánṣán sábẹ́ ọ̀pá ìbọn ìléwọ́ tí gígùn odindi ìbọn náà kò tó ínṣì 26, nítorí ìyẹn tún jẹ́ ẹ̀ka mìíràn lábẹ́ òfin 1934. Má gbé e wọ California tàbí New York láìbéèrè òfin ibẹ̀. Àwọn ọmọ wa tó wà lórí físà akẹ́kọ̀ọ́ kò sì gbọ́dọ̀ ní ìbọn rárá, àfi bí wọ́n bá wà lára àwọn díẹ̀ tí òfin yọ sọ́tọ̀, bí ẹni tó ní ìwé àṣẹ ọdẹ. Ẹni tó fẹ́ ìdí ìbọn gidi lórí ọ̀pá kúkúrú ní tirẹ̀ lè kọ Form 1, ìyẹn ìwé tí èèyàn fi ń béèrè àṣẹ lọ́dọ̀ ATF láti ṣe irú ìbọn bẹ́ẹ̀: láti ọjọ́ kìíní oṣù Kìíní ọdún 2026, owó orí 200 dọ́là tó wà lórí rẹ̀ ti di òdo, ṣùgbọ́n ìforúkọsílẹ̀ àti ìtẹ̀ka ṣì wà níbẹ̀, ó sì gbọ́dọ̀ dúró de ìwé àṣẹ kó tó fọwọ́ kan ohunkóhun.