Bí a ṣe ń gbin ata ilẹ̀ pupa sí ẹ̀yìnkùlé láìjẹ́ kí èbù rẹ̀ rà

Ẹni tó bá ti gbin iṣu rí ti mọ ìdajì iṣẹ́ ata ilẹ̀ pupa (turmeric). Èbù la fi ń gbìn ín, ojú tó wà lára èbù ló ń hù, abẹ́ ilẹ̀ ló sì ń ta sí. Síbẹ̀, lọ́dọọdún ni àwọn ará àdúgbò wa n'Ìbàdàn máa ń wá bá mi pé tàwọn kò hù. Tí a bá wú èbù náà, a ó rí i pé ó ti rà. Omi ló pa á, kì í ṣe ọ̀dá.

Ọjà ni kí ẹ ti ra èbù, lọ́dọ̀ àwọn tó ń ta ata ilẹ̀ pupa tútù. Èyí tó le, tó sì ti ń yọ ojú ṣóńṣó ni kí ẹ ṣà. Tí kò bá tíì yọ ojú, ẹ tẹ́ ẹ sínú abọ́ ní ilé ìdáná, níbi tí oòrùn kò ti ní pa á, fún ọ̀sẹ̀ 2 tàbí 3. Èyí tó bá kọ̀ tí kò yọ ojú, ẹ fi se ọbẹ̀. Èmi kì í gbin èyí tí n kò bá rí ojú rẹ̀.

Ẹ gé e bí àtàǹpàkò, kí ojú 2 tàbí 3 wà lára ẹyọ kọ̀ọ̀kan. Ẹ má gbìn ín lọ́jọ́ tí ẹ gé e. Ẹ fi eérú pa ojú ibi tí ọ̀bẹ gbà, bí a ṣe ń ṣe fún èbù iṣu, kí ẹ sì fi í síbi ìbòòji fún ọjọ́ 2 kí egbò náà lè gbẹ.

Ní ti ilẹ̀, ìlẹ̀dú apá méjì, iyanrìn apá kan, ìgbẹ́ màlúù tó ti jẹrà apá kan. Ìgbẹ́ adìyẹ náà dára, ṣùgbọ́n tó bá ṣì ń rùn, ó ṣì gbóná nìyẹn, yóò jó èbù. Ẹ kó o jọ, ẹ bò ó, kí ẹ fi í sílẹ̀ títí òórùn rẹ̀ yóò fi lọ.

Ẹ má náwó sórí ìkòkò òdòdó. Àpò ìrẹsì tí a ká ẹnu rẹ̀ wálẹ̀ dé ìdajì ni mo ń lò, èbù méjì sí àpò kan. Ike ọ̀dà náà ń ṣe é, èbù kan péré, ṣùgbọ́n ẹ fi ìṣó gbígbóná lu ìdí rẹ̀ ní ihò 8. Bó bá jẹ́ inú ilẹ̀ lẹ fẹ́ gbìn ín sí, ẹ kọ ebè, kí ẹ fi ẹsẹ̀ bàtà kan sáàárín èbù méjì. Oṣù kẹrin, tí òjò bá ti fìdí múlẹ̀, ni kí ẹ rì í bọlẹ̀ ní ìka mẹ́ta, kí ojú rẹ̀ kọjú sókè.

Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń kùnà nìyí o. Lọ́jọ́ tí ẹ bá gbìn ín, ẹ bomi rin ín títí omi yóò fi máa yọ nídìí àpò. Lẹ́yìn náà, ẹ káwọ́ kúrò. Èbù tí kò tíì ní gbòǹgbò kò lè mu omi. Ńṣe ni yóò kàn máa rẹ sínú rẹ̀. Ẹ ti ìka bọ ilẹ̀ dé oríkèé kejì: tó bá tutù níbẹ̀, ẹ má bomi. Tó bá gbẹ, ẹ bu díẹ̀ sí i. Ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ títí dé ìkẹrin, ó lè jẹ́ ẹ̀ẹ̀mejì péré lẹ máa bomi rin ín, bí òjò bá sì ń rọ̀, ẹ lè má bomi rárá.

Ó lè tó oṣù kan gbáko, ó sì lè jù bẹ́ẹ̀ lọ, kó tó yọ orí. Sùúrù ló máa ń tán nínú àwọn ènìyàn. Ìyá kan ládùúgbò wa ń wú tiwọn wò ní ọjọ́ mẹ́ta mẹ́ta. Èbù náà ti hù lábẹ́ ilẹ̀. Ọwọ́ tí wọ́n fi ń wú u ló ń ṣẹ́ ẹ̀hù rẹ̀. Mo bẹ̀ yín, ẹ má wú u. Bí ẹ kò bá gbàgbọ́, ẹ kọ ọjọ́ tí ẹ gbìn ín sára àpò, kí ẹ má sì fọwọ́ kàn án kí ọjọ́ 45 tó pé.

Ẹ má gbé abọ́ sábẹ́ ike, omi tó bá dúró níbẹ̀ yóò padà sókè. Orí búlọ́ọ̀kù méjì ni mo máa ń gbé àpò tèmi lé, kí omi lè rí ọ̀nà ṣàn. Tí òjò bá ń rọ̀ láìdáwọ́ dúró ní oṣù kẹfà, mo máa ń sún wọn sábẹ́ òrùlé fún ọjọ́ mélòó kan. Bí àgbàlá yín bá jẹ́ ibi tí omi ń dá sí, ẹ má gbìn ín sílẹ̀ pẹrẹsẹ; ebè gíga tàbí àpò ni.

Adìyẹ yóò fẹ́ tú u. Ẹ fi imọ̀ ọ̀pẹ bò ó títí yóò fi hù.

Tó bá ti yọ ewé mẹ́ta, ìyọnu tán. Ẹ fi ewé gbígbẹ bo ìdí rẹ̀, kí ẹ máa fún un ní ẹ̀kúnwọ́ ìgbẹ́ màlúù lóṣù méjì méjì. Oòrùn ìdajì ọjọ́ tó o; abẹ́ igi ìbẹ́pẹ ni tèmi wà. Nígbà tí òjò bá dáwọ́ dúró díẹ̀ ní oṣù kẹjọ ni kí ẹ wá máa bomi rin ín dáadáa, torí pé ó ti ní gbòǹgbò báyìí.

Bí ẹ̀ẹ̀rùn bá dé, ewé rẹ̀ yóò pọ́n, yóò sì wó lulẹ̀. Kì í ṣe àìsàn, ó ti gbó ni. Ẹ dá omi dúró, kí ẹ sì dúró di oṣù kìíní. Ẹ wọ ọ̀rá sọ́wọ́ kí ẹ tó da àpò náà sílẹ̀. Bí omi rẹ̀ bá ta sí aṣọ, ọṣẹ yóò sọ àbàwọ́n náà di pupa bí ẹ̀jẹ̀. Ẹ má bẹ̀rù, ẹ fọ̀ ọ́, kí ẹ sá a sí oòrùn gangan, yóò máa ṣí díẹ̀díẹ̀.

Bí ẹ bá fẹ́ lọ̀ ọ́, ẹ sè é títí ẹyọ ìgbálẹ̀ yóò fi gún un wọlé, ẹ gé e pẹlẹbẹ, kí ẹ sá a títí tí yóò fi máa dá kẹ́ lọ́wọ́. Ìrọ̀lẹ́ ni kí ẹ gbé e lọ sọ́dọ̀ ẹlẹ́rọ, nígbà tí àwọn tó fẹ́ lọ ẹ̀lùbọ́ bá ti lọ tán, kí àwọ̀ rẹ̀ má baà bá tiwọn jẹ́.

Kí ẹ tó se ẹyọ kan nínú rẹ̀, ẹ kọ́kọ́ ṣa àwọn tó tóbi jù, tí ojú wọn yọ dáadáa, sọ́tọ̀. Inú iyanrìn gbígbẹ ni mo máa ń rì wọ́n sí, ní igun ilé tí oòrùn kò dé, títí di oṣù kẹrin.