Lẹ́tà kan ṣoṣo ló fẹ́ jẹ owó ẹsẹ̀ mi gbé

₦50,000 ni bọ̀dá tó fi mọ́tò gbá mi fẹ́ fi pa ọ̀rọ̀ náà dé. Wọn ò tíì gbé mi kúrò ní títì lápá Challenge n'Íbàdàn tó ti ń ka owó, "Àǹtí ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ ká yanjú ẹ̀ láàárín ara wa." Eegun ojúgun mi ti ṣẹ́ sí méjì nígbà yẹn o. Iṣẹ́ abẹ àti irin tí wọ́n fi sẹ́sẹ̀ mi jẹ ₦870,000, télọ̀ sì ni mí, ẹsẹ̀ ni mo fi ń wa máṣíìnì, oṣù mẹ́rin gbáko ni mi ò fi rán ẹyọ aṣọ kan.

Ohun tó tún ń bí mi nínú ni pé gbogbo ẹni tó wá kí mi ló ń sọ pé third party, ìyẹn ìnṣọ́ránsì mọ́tò tó ń san owó fún ẹni tí mọ́tò náà bá ṣe léṣe tàbí tó ba dúkìá ẹ̀ jẹ́, ò wúlò, pé torí ọlọ́pàá lèèyàn ṣe ń rà á. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá. Láti oṣù kìíní 2023 ni wọ́n ti gbé owó ẹ̀ kúrò ní ₦5,000 lọ sí ₦15,000 fún mọ́tò ara ẹni, ₦3 mílíọ̀nù tẹ́ ẹ sì máa ń gbọ́ pé wọn kì í san kọjá ẹ̀ yẹn, ti dúkìá tó bá bàjẹ́ ni, ti ẹni tó bá fara pa tàbí tó kú ò ní gbèdéke. Èmi ni mo wádìí ẹ̀ fúnra mi lórí bẹ́ẹ̀dì ọsibítù. Àbúrò mi tẹ nọ́ńbà mọ́tò náà sórí sáìtì NIID, níbi tí wọ́n ti ń wo ìnṣọ́ránsì mọ́tò, ó jáde pé ìnṣọ́ránsì ẹ̀ ò tíì parí. Fọ́ọ̀mù, ìwé dókítà, rìsíìtì tí mo ní láti kó fún iléeṣẹ́ ìnṣọ́ránsì ẹ̀, ìyẹn ò le.

Ìwé ọlọ́pàá ló fojú mi rí nǹkan. Wọ́n kọ M síbi tó yẹ kí N wà nínú nọ́ńbà mọ́tò. Lẹ́tà kan péré o! Iléeṣẹ́ ìnṣọ́ránsì dá ìwé mi padà, wọ́n ní mọ́tò yẹn kì í ṣe tàwọn. Mo fi ọ̀pá méjì tẹ̀ padà sí tẹ́ṣàn, wọ́n ní IPO, ìyẹn ọlọ́pàá tó ń wádìí ọ̀rọ̀ náà, tó kọ ọ́ ti gba tíránsífà. Mo lọ lọ́jọ́ Mọ́ńdè, ọ̀gá ti jáde. Mo lọ lọ́jọ́ Tọ́sìdeè, ọ̀gá wà, wọn ò rí fáìlì. Mi ò sì lè gun ọ̀kadà, drop ni mo ń gbà ní àlọ àtàbọ̀, ọ̀sẹ̀ márùn-ún ni wọ́n fi ṣe mí bẹ́ẹ̀, ọ̀kan tún bi mí pé "Màdáámù, báwo la ṣe mọ̀ pé àwa la ṣì í kọ?"

Ìgbà yẹn ni mo rántí màmá oníbúrẹ́dì tó wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n gbá mi, ọmọ wọn ń ya fọ́tò. Mo wá wọn lọ, fọ́tò ṣì wà lórí fóònù ọmọ náà, nọ́ńbà hàn kedere. Mo tẹ̀ ẹ́ jáde gàgàrà, mo gbé e síwájú ọ̀gá wọn. Ọjọ́ yẹn gan-an ni wọ́n kọ ìwé tuntun fún mi. Mo sunkún ayọ̀ dé ilé.

Owó tí iléeṣẹ́ ìnṣọ́ránsì náà kọ́kọ́ ní àwọn máa san, ti rìsíìtì tó ní orúkọ mi nìkan ni, oògùn ₦64,000 tá a rà níta láìgba rìsíìtì wọgbó. Mo ní mi ò ní sáìnì. Mo kó ìwé tí mo ń kọ orúkọ àti iye owó kọ́sítọ́mà sí lọ, títí kan aṣọ ẹbí ìgbéyàwó tí wọ́n gbà kúrò lọ́wọ́ mi, wọ́n sì fi owó iṣẹ́ tí mo pàdánù kún un, gbogbo ẹ̀ wá jẹ́ ₦1,350,000. Èmi tí mi ò gba lọ́yà kankan!

Àmọ́ mo kánjú sáìnì discharge voucher, ìwé tó sọ pé mi ò tún ní béèrè nǹkan kan mọ́. Ẹ kọ́kọ́ bi dókítà yín léèrè iṣẹ́ tó kù lára yín kẹ́ ẹ tó fọwọ́ sí i, ẹ jọ̀ọ́. Oṣù méjì lẹ́yìn ẹ̀ ni dókítà sọ fún mi pé wọ́n máa yọ irin yẹn lọ́dún tó ń bọ̀, owó ẹ̀ kò sí nínú èyí tí mo gbà, ara owó aṣọ tí mò ń rán ni mo ti ń yà á sọ́tọ̀ báyìí.