Ilé ń gbọ̀n, ilẹ̀ ń mì: ìbéèrè yín àti ìdáhùn wa

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Abẹ́òkúta la wà. Lọ́sàn-án, ilé wa á kàn ṣàdéédé gbọ̀n, gíláàsì fèrèsé á máa dún, ògiri pálọ̀ sì ti lanu. Ṣé ìmìtìtì ilẹ̀ ti dé bá wa ni?

Ìdáhùn: Ẹ kọ́kọ́ wo aago. Bó bá jẹ́ ọ̀sán nìkan ló ń ṣẹlẹ̀, tí ìró "gbì" kan ṣoṣo sì ń bá a rìn, àwọn tó ń fi dáínámáìtì fọ́ òkúta ni kẹ́ ẹ fura sí. Ìmìtìtì ilẹ̀ ò mọ àsìkò iṣẹ́, ó lè dé lóru. Ẹ tún pe ará yín tó wà nílùú mìíràn. Gbígbọ̀n ti ibi ìfọ́kùúta kì í rìn jìnnà, ṣùgbọ́n nígbà tí ilẹ̀ mì ní agbègbè Ìjẹ̀bú-Òde lọ́dún 1984, wọ́n mọ̀ ọ́n lára títí dé Ìbàdàn.

Ní ti ògiri, ẹ fi pẹ́ńsùlù fa ìlà kékeré sí ìbẹ̀rẹ̀ àti òpin ibi tó là, kẹ́ ẹ kọ ọjọ́ sí i. Bí kò bá kọjá ìlà yẹn lẹ́yìn oṣù bíi mélòó kan, ó lè jẹ́ pílásítà lásán. Bó bá kọjá rẹ̀, tàbí tó ń gba ojú búlọ́ọ̀kù lọ bí àtẹ̀gùn láti igun fèrèsé, ẹnjiníà ni kẹ́ ẹ pè, kì í ṣe bíríkìlà tó máa fi sìmẹ́ńtì bò ó mọ́lẹ̀ fún yín.

Ìbéèrè: Ọmọ mi, àbígbẹ̀yìn mi ń kàwé ní Istanbul. Mo ní bí ilẹ̀ bá ti mì, kó sáré bọ́ síta. Ó ní ohun tí wọ́n kọ́ àwọn kọ́ nìyẹn. Èwo ni ká ṣe?

Ìdáhùn: Ẹ má bínú, Màmá, tirẹ̀ ló tọ̀nà. Bí ilé bá ń mì, àtẹ̀gùn léwu, bíríkì àti gíláàsì a sì máa já lu ẹni tó ń sáré jáde. Kó wọ abẹ́ tábìlì tó lágbára, kó di ẹsẹ̀ rẹ̀ mú, torí tábìlì náà á máa rìn. Bó bá wà lórí bẹ́ẹ̀dì, kó dojú bolẹ̀ síbẹ̀, kó fi ìrọ̀rí bo orí àti ọrùn. Ìgbà tó bá dẹwọ́ ni kó jáde, kó má sì wọ lífítì.

Ohun tẹ́ ẹ lè fi kún un fún un ni pé kó má tètè padà sínú ilé tó ti lanu. Lọ́jọ́ 6 oṣù Kejì ọdún 2023, ìmìtìtì ilẹ̀ tí ìwọ̀n agbára rẹ̀ jẹ́ 7.8 ló kọ́kọ́ ṣọṣẹ́ ní gúúsù Tọ́kì kílẹ̀ tó mọ́. Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, 7.5 tún dé, àwọn ilé tí ti àkọ́kọ́ ti sọ di hẹ́gẹhẹ̀gẹ sì wó lulẹ̀.

Ìbéèrè: Lọ́dún 2010, ìmìtìtì ilẹ̀ ti Chile le ju ti Haiti lọ. Kí ló wá dé tó jẹ́ Haiti lèèyàn ti kú rẹpẹtẹ?

Ìdáhùn: Ilé ni. 7.0 ni ti Haiti, 8.8 ni ti Chile. Bí nọ́ńbà yìí bá fi ení péré lé sí i, agbára rẹ̀ ti di ìlọ́po bíi 32, nítorí náà ti Chile tó ìlọ́po 500 ti Haiti. Síbẹ̀, àwọn tó kú ní Chile kò ju bíi 500 lọ. Ní Haiti, wọ́n ju 100,000 lọ. Lóòótọ́, ẹ̀gbẹ́ olú ìlú gan-an ni ti Haiti ti ṣẹlẹ̀. Ṣùgbọ́n Chile ti fojú rí 9.5 lọ́dún 1960, èyí tó tóbi jù lọ tí wọ́n tíì wọ̀n láyé, òfin ìkọ́lé wọn sì le. (Ní Èkó tiwa, ilé ń wó láìsí pé ilẹ̀ mì rárá.)

Ìbéèrè: Mò ń kọ́lé lọ́wọ́ ní Ṣágámù. Ṣé ó yẹ kí n tiẹ̀ ronú kàn án?

Ìdáhùn: Díẹ̀. A jìnnà sí etí pẹpẹ òkúta ńlá tí Áfíríkà jókòó lé, etí yẹn ni wàhálà sì máa ń pọ̀ sí jù. Àmọ́ òkúta abẹ́ ilẹ̀ ní ojú àpá àtijọ́ tó ṣì lè sún. Ní Accra, ilẹ̀ mì lọ́jọ́ 22 oṣù Kẹfà ọdún 1939, ìwọ̀n rẹ̀ tó bíi 6.5, ó wólé, ó sì pààyàn. Mi ò ní kẹ́ ẹ kọ́lé bíi ti Tókíò. Ẹ ṣáà rí i pé wọ́n da kọ́ńkéré onírin yí gbogbo orí ògiri po, kì í ṣe orí fèrèsé nìkan. Òun ló ń so ògiri mẹ́rẹ̀ẹ̀rin pọ̀. Tánkì omi ńkọ́? Ẹgbẹ̀rún lítà omi, tọ́ọ̀nù kan gbáko ni. Ẹ má gbé e sórí òpó tẹ́ẹ́rẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ yàrá táwọn ọmọ ń sùn.