Bí O Ṣe Máa Gba Àlejò Láti Ẹ́ḿbásì Austríà ní Òṣogbo

Àbúrò mi, bí ẹ́ḿbásì Austríà bá kọ lẹ́tà láti Àbújá pé aṣojú ìjọba àwọn ń bọ̀ wá wo igbó Òṣun, ọjọ́ náà gan-an ni kí o fèsì. Béèrè iye èèyàn àti aago tí wọ́n máa dé. Mú ẹ̀dà lẹ́tà náà lọ sí ààfin Àtàọ́ja àti ọ́fíìsì mùsíọ́ọ̀mù tó ń bójú tó igbó náà. Kò dára kí ààfin gbọ́ ọ lẹ́nu ará ọjà.

Ka báńnà ìkíni káàbọ̀ fúnra rẹ kí o tó sanwó. Lọ́dún kan, ilẹ̀ ọjọ́ tí àlejò ń bọ̀ ti mọ́ kí n tó rí i pé Australia ni wọ́n kọ sí tiwa. Kíá la ká a, a ta aṣọ àdìrẹ síbẹ̀. Ọkàn mi ò balẹ̀ títí wọ́n fi lọ.

Graz ní Austríà ni wọ́n bí Susanne Wenger, oníṣẹ́ ọnà tí a ń pè ní Àdùnní, sí ní 1915. Ìbàdàn ló kọ́kọ́ dé. Òṣogbo níbí ló kú sí ní 2009. Torí rẹ̀ ni wọ́n ṣe ń wá. Àmọ́ má jẹ́ kí wọ́n rò pé Àdùnní nìkan ló dá gbogbo iṣẹ́ ọnà inú igbó náà ṣe. Pe orúkọ Adébísí Àkànjí tó jẹ́ bíríkìlà. Pe orúkọ Kàsálì Àkàngbé agbẹ́gilére. Pe orúkọ Bùráímọ̀ Gbádàmọ́sí tó gbẹ́ òkúta. Pe àwọn orúkọ náà lẹ́ẹ̀mejì, díẹ̀díẹ̀, kí akọ̀wé wọn rí i kọ, torí wọ́n máa fi ìròyìn ìrìnàjò yìí ránṣẹ́ sílé. Ohun tí kò bá sí nínú ìwé yẹn, Vienna, olú-ìlú wọn, ò ní gbọ́ ọ.

Bí ẹnikẹ́ni bá mú ẹ̀sùn gómìnà tàbí ọ̀rọ̀ ìbò wá, rọra fà á sẹ́yìn. Àdéhùn lórí iṣẹ́ aṣojú ìjọba tí wọ́n ṣe ní Vienna yẹn náà ní 1961 ò gba ikọ̀ láyè láti dá sí ọ̀ràn abẹ́lé ìlú tí wọ́n rán an wá. Ọ̀rọ̀ físà ọmọ rẹ náà, fi í sílé.

Lẹ́bàá odò, má bu omi fún wọn mu. Àwọn tó ń wa góòlù ti bà á jẹ́. Bí wọ́n bá béèrè ìdí tó fi dàrú bẹ́ẹ̀, sọ òótọ́ fún wọn, bó ti wù kó dùn ọ́ tó.

Ilé Àdùnní ní òpópónà Ìbòkun ni kí ẹ parí sí. Níbẹ̀ ni kí o ti fún wọn ní àdìrẹ ẹlẹ́kọ, kí o kọ orúkọ ìyá tó ṣe é sórí páálí, kí o rán an mọ́ etí aṣọ náà.