Má tètè pa kámẹ́rà rẹ: ohun tí mo mọ̀ nípa yíya dọkumẹ́ńtárì

Àwọn tó fẹ́ wọ iṣẹ́ yìí, ìbéèrè kan náà ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ bi mí: "Àǹtí, kámẹ́rà wo ni kí n rà?" Má tíì ra nǹkan kan. Máa háyà rẹ̀ fún bí ọdún kan. Bátìrì, káàdì àti máìkì kékeré tí à ń so mọ́ aṣọ ni kó o ná owó rẹ lé lórí, torí àwọn wọ̀nyẹn ni ẹni tó ń háyà kámẹ́rà fún ọ máa ń fún ọ ní àlòkù rẹ̀, èyí tó máa kú sí ọ lọ́wọ́ láàárín òde.

Mọ́kọ́lá n'Ìbàdàn ni mo ti bẹ̀rẹ̀, lọ́dọ̀ ọ̀gá onífídíò kan tó ń ya ìgbéyàwó. Ọdún kan àtààbọ̀ ni mo fi ru iná, tí mo fi ká wáyà, kó tó gbà mí láyè láti fojú kan inú lẹ́ńsì. Mi ò kábàámọ̀ rẹ̀. Bàbá Túndé Kèlání tí gbogbo wa mọ̀ mọ́ fíìmù, kámẹ́rà ni wọ́n gbé fún ọ̀pọ̀ ọdún kí wọ́n tó di olùdarí. Àwọn ẹlẹgbẹ́ mi tó kàwé gboyè nínú fíìmù máa ń fojú yẹpẹrẹ wo òde ìgbéyàwó, ṣùgbọ́n níbo ni o tún ti fẹ́ kọ́ iṣẹ́ tí kò ní ìwé eré? Ọkọ ìyàwó àtàwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ máa dọ̀bálẹ̀ gbalaja níwájú àwọn òbí ìyàwó, alága ìjókòó á ní kò tíì tó, wọ́n á tún dọ̀bálẹ̀. Ẹni tí kò mọ̀ á lọ dúró sẹ́yìn wọn, ìpàkọ́ àti àtẹ́lẹsẹ̀ bàtà ló máa yà. Ìwọ ti bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga bàbá ìyàwó kí wọ́n tó wọlé, torí ìgbà tí wọ́n bá ń gbórí sókè, tí òógùn bò wọ́n lójú, tí wọ́n ń wò bóyá inú ìyá ìyàwó ti yọ́, ibẹ̀ ni àwòrán wà.

Ọ̀rọ̀ iná. Iná ìjọba ilẹ̀ wa, 50 Hz ni, nítorí náà fírémù 25 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan ni kó o máa yà, kí shutter, ìyẹn àkókò tí kámẹ́rà fi ń gba ìmọ́lẹ̀ sínú fírémù kọ̀ọ̀kan, wà ní 1/50 ìṣẹ́jú-àáyá. Bí o bá fi í sí 1/60 bí àwọn ará Amẹ́ríkà ṣe ń kọ́ni lórí YouTube, gílóòbù inú yàrá lè máa ṣẹ́jú nínú àwòrán rẹ. Ìyẹn rọrùn. Jẹnẹrétọ̀ kékeré ni wàhálà: ìró rẹ̀ ń lọ sókè sódò, iná ń bá a lọ, kò sí shutter tó máa bá a mu. Pa gílóòbù náà, kó o gbé àga ẹni tó fẹ́ sọ̀rọ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé. Lẹ́yìn náà, lọ kí aládùúgbò tó ni jẹnẹrétọ̀, kó bá ọ pa á fún ogún ìṣẹ́jú. Owó epo tí mo máa fi bẹ̀ ẹ́ ti wà nínú ìṣirò mi kí n tó kúrò nílé.

Ní ti ohùn, ìlẹ̀kẹ̀ ni kó o máa ṣọ́. Àgbàlagbà tó wọ iyùn, bó bá ti mí báyìí, ìlẹ̀kẹ̀ á gbá máìkì, "kó, kó, kó" títí ọ̀rọ̀ fi parí. Wọn ò ní bọ́ iyùn sílẹ̀ nítorí rẹ, má tilẹ̀ dá a lábàá. So máìkì náà sókè díẹ̀ lápá kan, nínú ọrùn aṣọ, kí ìlẹ̀kẹ̀ má lè dé ibẹ̀. Kí o tó kó ẹrù, ní kí gbogbo èèyàn dákẹ́ fún ìṣẹ́jú kan, kó o gba ìdákẹ́jẹ́ yàrá náà sílẹ̀. Ẹ́dítọ̀ máa gbàdúrà fún ọ.

Ó wá kan ibi tí mo ti ṣàṣìṣe jù. Gbogbo ẹni tó ń bẹ̀rẹ̀ ló fẹ́ lọ ya ọdún Ọ̀ṣun Òṣogbo. Igbó náà, tí UNESCO ti kọ mọ́ ogún àgbáyé láti 2005, kún fún kámẹ́rà lóṣù kẹjọ débi pé kámẹ́rà ẹlòmíì ni wàá máa yà. Lọ lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, nígbà tí àwọn ará ìlú ti padà sẹ́nu iṣẹ́. Bẹ́ẹ̀ ni èmi àti olùdarí kan ṣe bá ara wa nílé ìyá aláró kan tó ṣì ń fi ewé ẹ̀lú ṣe aró.

Kámẹ́rà wà nínú àpò nígbà tí a wọlé. Mo kúnlẹ̀, mo ní, "Àrẹdú o, Mà." Ìyá wò mí, wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n ní ta ló kọ́ mi. Ká ní "ẹ kú iṣẹ́" lásán ni mo sọ, a ò bá ṣì wà lẹ́nu ọ̀nà àbáwọlé. Máa kọ́ ìkíni iṣẹ́ ẹni tí o fẹ́ lọ yà kí o tó kọ́ orúkọ lẹ́ńsì.

Aṣọ tó bá ń jáde nínú ìkòkò aró kì í dúdú lójú ẹsẹ̀. Àwọ̀ ewé tó fẹ́ pọ́n ló máa ń ní, afẹ́fẹ́ ló ń sọ ọ́ di búlúù níṣojú rẹ. Bí o bá ní kí kámẹ́rà máa yan àwọ̀ fúnra rẹ̀, á rò pé àṣìṣe ni àwọ̀ ewé yẹn, á máa tún un ṣe, wàá pàdánù ohun tó gbé ọ débẹ̀. Fọwọ́ ara rẹ fi í sí 5600K, ìwọ̀n àwọ̀ ìmọ́lẹ̀ ọ̀sán, kó o sì fi í sílẹ̀ níbẹ̀. Ìgbà tí ìyá kọ́kọ́ ri aṣọ, mi ò yà á, mo kàn ń wò ó ni: wọ́n tẹ̀ ẹ́ rì, wọ́n yí i, wọ́n dúró, wọ́n gbé e, wọ́n tú u sáfẹ́fẹ́. Ẹ̀ẹ̀kejì, mo ya ọwọ́. Ẹ̀ẹ̀kẹta, ojú. Ẹ̀ẹ̀kẹrin, mo lọ jókòó sídìí ògiri, mo ya gbogbo àgbàlá. Nígbàkigbà tí mo bá tẹ bọ́tìnnì, mo máa ń ka ení dé ẹ̀wá nínú kí n tó mira.

Ìyá jókòó, wọ́n dáhùn gbogbo ìbéèrè. Olùdarí ní, "Ó tó." Mo pa kámẹ́rà, mo ń ká ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta tí à ń gbé kámẹ́rà lé. Ìyá wo èékánná wọn tó ti dú láti ọ̀pọ̀ ọdún wá, wọ́n sọ fún ọmọ-ọmọ wọn pé, "Lọ́jọ́ ìgbéyàwó mi, ìbọ̀wọ́ funfun ni wọ́n fi bo ọwọ́ mi ní ṣọ́ọ̀ṣì, kí àwọn àna mi má baà rí aró." Gbogbo ilé rẹ́rìn-ín. Èmi nìkan ni ojú mi ń wá ilẹ̀. A bẹ̀ wọ́n kí wọ́n tún un sọ. Wọ́n tún un sọ lóòótọ́, ṣùgbọ́n bí ẹni tó ń ka ìròyìn ni.

Láti ìgbà yẹn, bí olùdarí bá ní ó tó, mo máa ń gbé kámẹ́rà sórí itan, mi ò ní pa á fún ìṣẹ́jú márùn-ún mìíràn. Kì í ṣe pé mò ń fi tan ẹnikẹ́ni jẹ o. Mo ti sọ ọ́ láàárọ̀: "Mà, bí iná pupa yìí bá ṣì ń tàn, ó ń gbọ́. Ẹ kàn gbọ́wọ́ sókè bí ẹ ò bá fẹ́." Mi ò sì fi nǹkan bo iná pupa náà.

Reality show yàtọ̀. Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ni mo ṣe nínú ọ̀kan, lójú ọ̀nà tóóró lẹ́yìn dígí, nínú aṣọ dúdú látòkè délẹ̀ kí àwọn ará inú ilé má baà rí òjìji wa. Bí ìjà bá bẹ́, má sáré bá ẹni tó ń pariwo, kámẹ́rà mìíràn ti wà lára rẹ̀. Ẹni tí wọ́n ń pariwo mọ́ ni kó o fi kámẹ́rà dì mú. Kó o sì jẹun kó o tó wọlé.

Ilé iṣẹ́ kan jẹ mí lówó fún oṣù 7, lẹ́yìn tí fíìmù náà ti jáde, tí ẹbí mi ti jókòó wò ó. Nísinsìnyí, owó ọjọ́ lọ́tọ̀, owó irinṣẹ́ lọ́tọ̀, owó ọkọ̀ àti ibùsùn lọ́tọ̀, ìdajì kí n tó wọ mọ́tò. Ó kéré tán, kí àdéhùn náà wà lórí WhatsApp. Béèrè iye wákàtí tó wà nínú "ọjọ́ kan" wọn pẹ̀lú, torí ti àwọn kan bẹ̀rẹ̀ láago 4 ìdájí, àkùkọ á tún kọ kó tó parí. Bí o bá ń wá olùdarí tó máa gbé ọ níṣẹ́, lọ jókòó sí àjọ̀dún dọkumẹ́ńtárì iREP tó sábà máa ń wáyé ní Freedom Park l'Ékòó. Mú fíìmù oníṣẹ́jú mẹ́ta tìrẹ dání sínú fóònù.

Lálẹ́, kó o tó wẹ̀, kó o tó jẹun, da gbogbo káàdì sí hard drive méjì. Ọ̀kan sùn sọ́dọ̀ rẹ, ọ̀kan sùn sí yàrá olùdarí. Má pa ohunkóhun rẹ́ lórí káàdì títí ẹ́dítọ̀ fi sọ fún ọ fúnra rẹ̀ pé òun ti rí i. Nínú àpò mi, káàdì tó ti kún ni mo máa ń dojú rẹ̀ dé, èyí tó ṣófo ni mo máa ń dojú rẹ̀ sókè, kí ọwọ́ tó ti rẹ̀ má baà ṣì mú.