Bí mo ṣe tọpa jínóòmù kan àti ìmìtìtì ilẹ̀ àtijọ́ kan

Mo fẹ́ mọ irú ẹ̀rí tí àwọn onímọ̀ jínóòmù (àpapọ̀ ìlànà àbùdá ohun abẹ̀mí tàbí fáírọ́ọ̀sì, tí wọ́n ń fi lẹ́tà kọ sílẹ̀) fi ń ṣiṣẹ́, àti irú èyí tí àwọn tó ń ṣèwádìí ìmìtìtì ilẹ̀ àtijọ́ gbára lé, nítorí náà mo mú àpẹẹrẹ kan nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan.

Jínóòmù ni mo kọ́kọ́ mú. Mo lọ sí ibùdó NCBI, àjọ Amẹ́ríkà tó ń tọ́jú irú ìsọfúnni bẹ́ẹ̀, lórí íntánẹ́ẹ̀tì, mo tẹ NC_045512, nọ́ńbà tí wọ́n fi jínóòmù fáírọ́ọ̀sì kòrónà tí wọ́n rí ní Wuhan pa mọ́, mo sì gba fáìlì rẹ̀. Lẹ́tà 29,903 ló wà nínú rẹ̀, ATTAAAGG ló sì fi bẹ̀rẹ̀. RNA, ìbátan DNA, ni ohun àbùdá fáírọ́ọ̀sì yìí; lẹ́tà RNA ni A, C, G àti U, nítorí náà U ló yẹ kó wà níbi tí T wà, ṣùgbọ́n T ni wọ́n máa ń kọ sínú irú fáìlì bẹ́ẹ̀. Mo ní kí kọ̀ǹpútà ka lẹ́tà kọ̀ọ̀kan: T ló pọ̀ jù, 9,594. Ẹnikẹ́ni tó bá tún fáìlì náà kà, iye yìí kan náà ni yóò bá.

Ìmìtìtì ilẹ̀ tí mo yàn ni èyí tó mi etíkun Cascadia, ní ìwọ̀ oòrùn Àríwá Amẹ́ríkà, ní ọdún 1700. Kò sí ẹ̀rọ tó ṣàkọsílẹ̀ rẹ̀, kò sì sí fáìlì kan ṣoṣo tí mo lè gbà, bí kò ṣe kí n máa ka ìròyìn ẹ̀rí kan tẹ̀ lé òmíràn. Àkọ́kọ́ ni ilẹ̀ etíkun tó rì lójijì, tí yanrìn tí ìgbì òkun gbé wá sì bò mọ́lẹ̀. Ọ̀nà radiocarbon, tó ń fi kábọ́ọ̀nù tó ṣẹ́ kù nínú ohun tó ti kú mọ ọjọ́ orí rẹ̀, fi àkókò rẹ̀ sí ìtòsí 1700, kò lè tọ́ka sí ọdún náà gan-an. Gbòǹgbò àwọn igi kédárì tí omi iyọ̀ pa ní ìpínlẹ̀ Washington ló ṣe èyí: igi máa ń ní òrùka kan lọ́dọọdún, òrùka ọdún 1699 ló sì kẹ́yìn nínú wọn, èyí tó fi hàn pé wọ́n ti kú kí àkókò ìdàgbàsókè ọdún 1700 tó dé.

Ẹ̀rí ilẹ̀ Japan ló wú mi lórí jù. Àwọn akọ̀wé ibẹ̀ ròyìn ìgbì òkun tó ya wọ etíkun wọn ní oṣù kìíní ọdún 1700, láìjẹ́ pé ilẹ̀ mì lọ́dọ̀ wọn. Àwọn onímọ̀ yọ nǹkan bíi wákàtí mẹ́wàá tí ìgbì náà fi la Òkun Pàsífíìkì kọjá kúrò nínú àkókò tó gúnlẹ̀, wọ́n sì bá alẹ́ ọjọ́ 26 oṣù kìíní ní Cascadia. Láti ara gíga ìgbì náà ni wọ́n sì ti ṣírò pé ìwọ̀n ìmìtìtì náà súnmọ́ 9 lórí òṣùwọ̀n agbára ìmìtìtì ilẹ̀.

Lójú tèmi, ibi tí iṣẹ́ méjèèjì ti yà nìyí. A lè tún jínóòmù kà láti ara ẹlòmíràn tó ní fáírọ́ọ̀sì náà, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó lè mú kí ilẹ̀ ọdún 1700 tún mì. Ìpele àwọn ìmìtìtì tó ṣáájú rẹ̀ ṣì wà lábẹ́ yanrìn náà, ṣùgbọ́n nítorí pé kò sí àkọsílẹ̀ òkè òkun tí a so mọ́ wọn, àárín ọ̀pọ̀ ọdún ni a ṣì ń fi wọ́n sí.